Kí Ni Pákó Yẹn Ti Mu?

ÌBÉÈRÈ

 Mò ń ta oúnjẹ ní ẹ̀bá títì tó lọ sí Parakú, níbí ní Ṣábẹ̀ẹ́. Níwájú ilé oúnjẹ mi, pèpéle pákó kan wà tí ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin kàn fún mi ní ọdún 2002. Faransé ló ń gbé nígbà náà, inú kọ̀ǹténà tó fi kó ẹrù wálé ni pákó náà bá dé Kùtọnu. Pèpéle náà gùn ní mítà márùn-ún, ó fẹ̀ ní mítà mẹ́rin, pákó rẹ̀ sì nípọn tó sẹ̀ǹtímítà mẹ́rin. Nígbà tí wọ́n kó wọn dé, wọ́n ní àwọ̀ ewé fẹ́ẹ́rẹ́. Báyìí wọ́n ti rí bí eérú, wọ́n sì ń yọ ẹ̀gún. Ní ọ̀sẹ̀ méjì sẹ́yìn ẹ̀gún kan wọ ọmọ-ọmọ mi lẹ́sẹ̀, abẹ́rẹ́ la fi yọ ọ́ tòun ti ẹkún.

Ọmọkùnrin gbẹ́nàgbẹ́nà kan ládùúgbò wa ní òun ní ẹ̀rọ tí òun yóò fi gbo gbogbo rẹ̀ láàárín ọjọ́ kan, yóò sì dán bíi tuntun. Ó ní àsìkò ọyẹ́ yìí ló dáa jù, torí igi ti gbẹ. Pákó mẹ́rin ti jẹrà, ó ní òun á pààrọ̀ wọn, kí n sì fi àwọn tó bá yọ dáná. Ìgbà tí mo pe ẹ̀gbọ́n mi lórí fóònù ni ẹ̀rù bà mí. Ó ní igi olóògùn ni, pé kí n béèrè lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ kí ẹnikẹ́ni tó fi ẹ̀rọ kàn án. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé mo lè jẹ́ kí wọ́n gbo ó? Bí mo bá lè, báwo la ó ṣe ṣe é tí kò fi ní pa wá lára? Ọmọ kékeré mẹ́ta ló wà nínú ilé, mo sì máa ń sá èlùbọ́ lẹ́yìnkùlé.

Olóúnjẹ ẹ̀bá títì, Ṣábẹ̀ẹ́


ÌDÁHÙN

Ìyá wa, ẹ kú ọyẹ́, ẹ kú ìtọ́jú àwọn ọmọ. Ẹ ṣeun tí ẹ béèrè kí ẹ̀rọ tó dún. Ẹ̀gbọ́n yín ṣe yín lóore, ẹ bá mi kí i.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ fi yín lọ́kàn balẹ̀. Pèpéle yín kò ní pa oníbàárà tó jókòó lórí rẹ̀ jẹun. Ó lé ní ogún ọdún tí ẹ ti ń lò ó, èyí tó pọ̀ jù nínú oògùn rẹ̀ sì ti so mọ́ ara igi. Ohun tó lè sọ ọ́ di ewu ni kí á lọ igi náà di lẹ́búlẹ́bú tí èémí lè fà, tàbí kí á sun ún títí yóò fi di èéfín àti eérú. Nǹkan méjèèjì yìí gan-an ló wà nínú ètò tí ọmọkùnrin yẹn là sílẹ̀ fún yín. Kò ní èrò ibi kankan lọ́kàn. Bí wọ́n ṣe kọ́ òun níṣẹ́ nìyẹn, bí wọ́n sì ṣe kọ́ èmi náà nìyẹn. Nígbà tí mo wà lọ́mọṣẹ́, ìrókò là ń gbo lójoojúmọ́ láìbo imú. Bí ilẹ̀ bá ṣú, ikọ́ á bẹ̀rẹ̀, ara á máa yún wa láti ọrùn dé ìgúnpá, a ó sì máa sọ pé iṣẹ́ ni, ara á gbà á. Ara kò gbà á o.

Pákó tó ní àwọ̀ ewé, tó ti Yúróòpù wá, tí wọ́n rà kí ọdún 2004 tó dé: àfàìmọ̀ kó má jẹ́ èyí tí wọ́n rẹ sínú oògùn tí wọ́n ń pè ní CCA. Nǹkan mẹ́ta ló wà nínú rẹ̀: kúróòmù, bàbà, àti ásẹ́níìkì. Sonti Kamesam, onímọ̀ ará Íńdíà kan tó ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìwádìí igbó tó wà ní Dehradun, ló ṣe é jáde ní ọdún 1933. Bàbà ń dojú kọ olú tó máa ń mú igi jẹrà. Ásẹ́níìkì ń dojú kọ ikán àti kòkòrò. Kúróòmù ló ń so méjèèjì mọ́ igi kí òjò má baà fọ̀ wọ́n dànù. Wọn kì í fi búrọ́ọ̀ṣì kùn ún o. Inú àgbá irin gbọọrọ ni wọ́n ń to igi sí, wọ́n á ti ilẹ̀kùn rẹ̀ pa, wọ́n á fa afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ jáde, wọ́n á da omi oògùn kún un, wọ́n á wá fi agbára ti omi náà wọnú igi lọ. Ọgbọ́n àgbá yìí ti wà tipẹ́, torí ọdún 1838 ni John Bethell gba ìwé ẹ̀tọ́ lórí rẹ̀ nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Bí aṣọ ṣe ń mu aró nínú ìkòkò aláró ni igi ń mu oògùn yìí, ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé ásẹ́níìkì jẹ́ májèlé tí gbogbo ayé ti mọ̀ láti ìgbà pípẹ́.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò ti pèpéle yín. Mítà márùn-ún lọ́nà mẹ́rin, pẹ̀lú ìnípọn sẹ̀ǹtímítà mẹ́rin, á fún wa ní nǹkan bí mítà kúbíkì 0.8. Ìwọ̀n tí wọ́n sábà máa ń fi rẹ pákó tí kò ní fara kan ilẹ̀ jẹ́ kílò mẹ́rin oògùn nínú mítà kúbíkì kan. Èyí túmọ̀ sí pé kílò mẹ́ta ó lé ló wà lábẹ́ àga àwọn oníbàárà yín, ásẹ́níìkì tó ti dà pọ̀ mọ́ ọ́síjìn sì kó ìdá 34 nínú ọgọ́rùn-ún rẹ̀. Ìyẹn lé díẹ̀ ní kílò kan. Bí ẹ̀rọ ọmọkùnrin náà bá fá mílímítà kan ṣoṣo kúrò lójú pákó, gíráàmù 27 ásẹ́níìkì yẹn á ti di ekuru. Òjò ti lè fọ díẹ̀ nínú rẹ̀ lọ látọjọ́ yìí wá, àmọ́ ẹ ti rí bí ọ̀rọ̀ ṣe rí. Níbo ni atẹ́gùn ọyẹ́ fẹ́ gbé e lọ? Láti àríwá ìlà-oòrùn ló ti ń fẹ́, tọ̀sán tòru. Á gbé e wọnú ìkòkò ọbẹ̀, á gbé e sórí èlùbọ́ tí ẹ sá, á gbé e dé ọ̀dọ̀ aládùúgbò tí òun náà sá ti tirẹ̀ sórí àpáta. Òótọ́ ni pé igi máa ń gbẹ nígbà ọyẹ́, ọmọkùnrin náà kò parọ́. Ṣùgbọ́n kò sí àsìkò tó burú ju èyí lọ láti fi ẹ̀rọ da ekuru igi olóògùn sílẹ̀ nílùú wa.

Ní oṣù kejì ọdún 2002, EPA, ilé-iṣẹ́ ìjọba tó ń mójú tó àyíká ní Amẹ́ríkà, kéde pé àwọn tó ń ṣe oògùn yìí ti gbà láti má ṣe lò ó mọ́ fún igi ilé gbígbé. Òpin ọdún 2003 ni wọ́n fi sí. Àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù náà fi òfin dè é, òfin náà sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọgbọ̀n ọjọ́ oṣù kẹfà ọdún 2004. Òpó iná kò sí lára ohun tí wọ́n fòfin dè ní Amẹ́ríkà, títí di òní wọ́n ṣì ń fi rẹ òpó níbẹ̀. Ẹni tó bá ra òpó iná àlòkù láti là á sí pákó, kó mọ ohun tó rà. Igi tí wọ́n rẹ lẹ́yìn ọdún 2004 fún ilé gbígbé sábà máa ń jẹ́ èyí tí bàbà pọ̀ nínú rẹ̀, tí kò ní ásẹ́níìkì. Ó sàn jù, síbẹ̀ ekuru rẹ̀ kì í ṣe ohun tí ènìyàn ń fà símú. Ekuru igi lásán gan-an, àjọ IARC tó ń ṣèwádìí jẹjẹrẹ fún àjọ ìlera àgbáyé ti kà á mọ́ ohun tó dájú pé ó ń fa jẹjẹrẹ, láti ọdún 1995. Inú imú ni wọ́n ti rí i jù. Kí ẹnikẹ́ni má wá sọ pé igi tòun kò ní oògùn, nítorí náà òun lè gbo ó bó ṣe wu òun.

Ìyá wa, báwo lẹ ṣe máa dá tiyín mọ̀? Àwọ̀ ewé tó ti ṣá kò tó ẹ̀rí. Ẹ wo abẹ́ pèpéle, níbi tí oòrùn àti òjò kì í dé, ó ṣeé ṣe kí àwọ̀ náà ṣì wà níbẹ̀. Bí pákó kan bá ti kán fúnra rẹ̀, ẹ wo ojú ibi tó ti kán: igi tó mu oògùn máa ń ní àmì ewé yípo etí, àárín rẹ̀ á sì mọ́, torí oògùn kì í fi bẹ́ẹ̀ wọ inú igi tó ti gbó. Ẹ wò ó bóyá wọ́n kan ike kékeré kan mọ́ ìdí pákó, wọ́n máa ń kọ orúkọ oògùn sí i. Ẹ má gé igi torí pé ẹ fẹ́ yẹ̀ ẹ́ wò. Bí ẹ kò bá rí ohunkóhun tó dá yín lójú, ẹ kà á sí CCA. Ọjọ́ orí rẹ̀ àti ibi tó ti wá ti tó fún mi.

Ọ̀pọ̀ òǹkàwé kò ní pákó Faransé, àmọ́ wọ́n ní pálẹ́ẹ̀tì tí wọ́n rà ní èbúté Kùtọnu láti fi kan àga àti ibùsùn. Àmì kan wà lára irú igi bẹ́ẹ̀, tó rí bí ṣírí ọkà, pẹ̀lú lẹ́tà méjì. HT túmọ̀ sí pé iná ni wọ́n fi yá a láti pa kòkòrò, ẹ lè lò ó. MB túmọ̀ sí pé gáàsì olóró ni wọ́n fín sí i, ẹ fi sílẹ̀ fún wọn. Ẹni tó bá sì ti ń fi ọ́ìlì dúdú tí wọ́n tú nínú mọ́tò kun igi nítorí ikán, gẹ́gẹ́ bí ọ̀pọ̀ nínú wa ṣe ń ṣe, kó má gbo igi náà rárá. Òjé àti èérí ẹ́ńjìnnì ló wà nínú ọ́ìlì yẹn.

Mo fẹ́ kí á dúró díẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ iná dídá yìí, torí òun ló bà mí lẹ́rù jù nínú lẹ́tà yín. Lọ́dọ̀ wa, igi kì í ṣòfò. Èyí tó gùn á di ìtì àga, èyí tó kúrú á di igi ìdáná, ìyẹ̀ igi á lọ sínú ilé adìyẹ, eérú á lọ sí ẹ̀bá ilá nítorí kòkòrò tàbí sọ́dọ̀ ẹni tó ń se ọṣẹ dúdú. Àwọn ìyá wa ló fi ọgbọ́n yìí tọ́ wa, ọgbọ́n gidi sì ni, fún igi tó ti inú igbó Ṣábẹ̀ẹ́ wá. Igi olóògùn kò mọ ọgbọ́n yẹn. Iná kì í pa ásẹ́níìkì. Díẹ̀ á bá èéfín gòkè, ìyókù á kóra jọ sínú eérú, á sì ki ju bó ṣe wà nínú igi lọ, torí igi ti jó tán, oògùn kò jó. Ìyá, ẹ fi ojú inú wo eérú yẹn nínú ọṣẹ tí wọ́n fi ń wẹ ọmọ ọwọ́.

Ó ti ṣẹlẹ̀ rí. Ní ọdún 1984, ìwé ìròyìn àwọn dókítà Amẹ́ríkà tí wọ́n ń pè ní JAMA tẹ ìtàn ìdílé ẹni mẹ́jọ kan jáde, ní ìgbèríko Wisconsin. Àjákù pákó olóògùn yìí ni wọ́n ń fi dá iná sí ààrò tí wọ́n fi ń yá ilé nígbà òtútù. Bí òtútù bá ti dé, àìsàn á dé: ara wọn á sú, imú á máa ṣẹ̀jẹ̀, iṣan á máa fà, gìrì á máa mú wọn, irun orí wọn á máa re. Bí ooru bá dé tí wọ́n pa iná, ara á fúyẹ́. Ó gba ọdún mélòó kan kí ẹnikẹ́ni tó ronú kan ààrò. Inú eérú ààrò náà àti irun orí wọn ni wọ́n ti wá rí ásẹ́níìkì.

Nítorí náà ìdáhùn mi rèé: ẹ má jẹ́ kí ó fi ẹ̀rọ gbo pèpéle náà. Bí igi náà bá jẹ́ tíìkì tàbí apá lásán, ohun mìíràn ni mo máa sọ. Èyí kò gba ẹ̀rọ. Àwọn ilé-iṣẹ́ ìjọba tó mọ̀ nípa rẹ̀ ní Amẹ́ríkà kì í gba onílé níyànjú láti gbo pákó CCA pẹ̀lú. Ẹ̀gún tó wọ ọmọ lẹ́sẹ̀ lẹ fẹ́ mú kúrò, kì í ṣe kí pèpéle máa dán. Ìyẹn kò nílò ju ọwọ́, omi, sánpépà àti sùúrù lọ.

Ẹ mú ọjọ́ tí ẹ kò ní tajà, tí atẹ́gùn kò sì fẹ́ púpọ̀. Ẹ kó àwọn ọmọ lọ sílé ẹbí fún ọjọ́ náà, ẹ kó èlùbọ́ wọlé, ẹ dé orí kànga àti ìkòkò omi. Kí ẹni tó máa ṣiṣẹ́ wọ ẹ̀wù alápá gígùn tó ti gbó, bàtà, ìbọ̀wọ́, àti dígí tó bo ojú yíká. Ọ̀rọ̀ ìbomú ṣe pàtàkì. Èyí tí à ń lò nígbà kòrónà, aláwọ̀ búlúù tó tú sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́, kò wúlò fún iṣẹ́ yìí, aṣọ tí a dì mọ́ imú kò sì wúlò. Ẹ béèrè èyí tí wọ́n kọ FFP2 sí lára, tàbí FFP3 bí ẹ bá rí i. Ní Nàìjíríà, N95 ni wọ́n ń pè é, òun àti FFP2 fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Ó gbọ́dọ̀ lẹ̀ mọ́ ojú pátápátá. Ọkùnrin onírùngbọ̀n tí kò bá fá a, afẹ́fẹ́ á gba ẹ̀gbẹ́ wọlé, asán ni ìbomú rẹ̀.

Ẹ tẹ́ ọ̀rá ńlá sábẹ́ pèpéle àti yíká rẹ̀, kí ẹ fi òkúta tẹ etí rẹ̀ mọ́lẹ̀. Lẹ́yìn náà ni kí ẹ fọ pákó. Omi, ọṣẹ àti búrọ́ọ̀ṣì rírọ̀ ni. Ẹ gbọ́ mi dáadáa níhìn-ín, ìyá wa: ẹ má ṣe fi Javel fọ̀ ọ́. Mo mọ̀ pé kò sí olóúnjẹ tí kì í lo Javel. Tí Javel bá pàdé kúróòmù tó wà nínú pákó yìí, ó lè yí i padà sí irú kúróòmù kejì tó lóró jù ú lọ fíìfíì, tó sì máa ń yọ́ sínú omi. Ẹ má sì lo ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń fi agbára fọ mọ́tò, á hú ojú igi, á da oògùn rẹ̀ sínú ilẹ̀, á sì tún yọ ẹ̀gún tuntun.

Bí ó bá fọ̀ tán tí ó ṣì tutù, kí ẹ yẹ pákó wò ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ẹ lu ìṣó tó bá yọ orí wọlé. Ibi tí ẹ̀gún wà nìkan ni kí ẹ fọwọ́ gbo, pẹ̀lú sánpépà tí omi kì í bàjẹ́, èyí dúdú, nọ́ńbà 60 tàbí 80. Ẹ wé e mọ́ igi kékeré kan, ẹ máa wọ́n omi sí i, kí ẹ gbo ó tẹ̀lé ìlà igi, ẹ má gbo ó lódìlódì. Bó bá tutù, ekuru kò ní fò, á di ẹrẹ̀ tí ẹ ó fi àkísà nù. Ẹ má wá nọ́ńbà tó rọ̀ ju 80 lọ, torí bí ojú igi bá dán jù, epo tí ẹ máa fi kùn ún kò ní wọlé. Mo sì bẹ yín, kí ẹnikẹ́ni má gbé ẹ̀rọ oníná wá síbi tí omi wà, iná mànàmáná kì í dúró gbọ́ àlàyé. Nígbà iṣẹ́, ẹ má jẹun, ẹ má mu omi níbẹ̀; bí ẹ bá fẹ́ jẹ tàbí mu, kí ẹ kọ́kọ́ fọ ọwọ́ àti ojú. Kí ẹ bọ́ aṣọ iṣẹ́ náà síta, kí ẹ fọ̀ ọ́ lọ́tọ̀, kó má pa pọ̀ mọ́ ti àwọn ọmọ.

Ó kù síbi pákó mẹ́rin tó jẹrà. Ẹ fi ìhúṣó tú wọn, ẹ má fi ayùn gé wọn nílẹ̀ ibẹ̀. Ẹ fi tíìkì tó ti gbó dípò wọn. ONAB, ilé-iṣẹ́ ìjọba tó ń mójú tó igi lórílẹ̀-èdè wa, ní oko tíìkì lápá gúúsù, ẹ sì lè rí irú rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ń ta pákó. Apá náà dára púpọ̀, àwọn bàbá wa mọ̀ ọ́n ní igi tí ikán kì í fẹ́ràn. Irú igi bẹ́ẹ̀ ni ọmọkùnrin gbẹ́nàgbẹ́nà lè fi ẹ̀rọ rẹ̀ gbo ní ṣọ́ọ̀bù tirẹ̀, pẹ̀lú ìbomú, kó tó gbé e wá. Ẹ má gba iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nítorí ọ̀rọ̀ tí mo sọ yìí, ó ṣì ní ohun tó máa ṣe, ẹ sì san owó rẹ̀ pé.

Nígbà tí pákó bá gbẹ dáadáa, lẹ́yìn ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta nínú ọyẹ́, ẹ wọ́n omi díẹ̀ sí i. Bí igi bá fà á mu, ó ti ṣe tán láti mu epo. Epo ìkungi tó ń wọnú igi, tí a ṣì lè máa rí ìlà igi lábẹ́ rẹ̀, ni kí ẹ rà. Ẹ má ra ọ̀dà tó nípọn tàbí fáníìṣì. Ó rẹwà ní ọdún àkọ́kọ́, àmọ́ tó bá bẹ̀rẹ̀ sí í bó, ẹnì kan á tún sọ pé kí wọ́n fi ẹ̀rọ ha á kúrò, ẹ ó sì padà síbi tí ẹ wà lónìí. Àárọ̀ kùtù tàbí ìrọ̀lẹ́ ni kí ẹ kùn ún, ẹ má ṣe é nínú oòrùn ọ̀sán, kó má gbẹ sójú igi. Epo yìí á dí ojú igi kí ásẹ́níìkì má máa ran ọwọ́ àti ẹsẹ̀. Lọ́dọọdún tàbí lẹ́ẹ̀kan láàárín ọdún méjì ni kí ẹ máa tún un kùn, lẹ́yìn tí òjò bá ti lọ. Àkísà tí ẹ bá fi kun epo, ẹ má ká a jọ sí igun ilé. Irú epo bẹ́ẹ̀, pàápàá tó bá ní epo fláàsì nínú, lè mú àkísà gbóná fúnra rẹ̀ títí yóò fi gbiná láìsí ẹni tó ṣáná sí i. Ẹ tẹ́ ẹ síta kó gbẹ, tàbí kí ẹ rì í sínú omi.

Ní ti àwọn ọmọ, kì í ṣe dandan kí ẹ lé wọn kúrò lórí pèpéle. Ẹ tẹ́ ẹní sí ibi tí wọ́n ti ń ṣeré, ẹ má jẹ́ kí wọ́n jẹ oúnjẹ tó bá já bọ́ sórí pákó, kí wọ́n sì máa fọ ọwọ́ kí wọ́n tó jẹun. Ewébẹ̀ tàbí ata tí ẹ bá gbìn sí ẹsẹ̀ pèpéle náà, ẹ gbé e lọ síbòmíràn, torí ohun tí òjò ti ń fọ̀ láti ọdún 2002 wà nínú iyẹ̀pẹ̀ ibẹ̀. Kí ẹ sì má sin adìyẹ lábẹ́ rẹ̀.

Ẹrẹ̀ igi, àkísà, sánpépà tó ti gbó, àti ọ̀rá tí ẹ tẹ́: ẹ kó gbogbo rẹ̀ sínú àpò ọ̀rá méjì tó wọnú ara wọn, ẹ dì í, ẹ gbé e sínú bídọ̀ọ̀nù oníike tí ẹ kò ní fi pọn omi mọ́ láéláé, kí ẹ kọ MÁJÈLÉ sí i lára. Ẹ so pákó mẹ́rin yẹn pọ̀, ẹ kùn wọ́n ní àmì pupa kí gbogbo ará ilé mọ̀ wọ́n. Lẹ́yìn náà kí ẹ lọ sí mérì, kí ẹ bi àwọn tó ń mójú tó ìdọ̀tí ìlú níbi tí wọ́n máa gbà wọ́n sí. Ẹ má dà wọ́n sódò, ẹ má rì wọ́n sí ẹ̀bá kànga, ẹ má kó wọn lọ sóko.

Ìyá wa, bí ẹ kò bá lè ṣe gbogbo èyí tí mo kọ lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ ṣe ọ̀kan fún mi lónìí kí ilẹ̀ tó ṣú. Ẹ pe gbogbo àwọn tó ń bá yín dáná, ẹ fi pákó mẹ́rin yẹn hàn wọ́n, kí ẹ sì sọ fún wọn pé kò gbọ́dọ̀ dé ẹnu ààrò.